Bàbá Stipe, Tó Ń Kú Nínú Gbogbo Fíìmù

Aṣọ ni mo ń ká lórí okùn lọ́jọ́ tí gbogbo ẹ̀ dàrú. Oòrùn mú dáadáa, aṣọ ti gbẹ, inú sì ń bí mi pé ọkọ mi ò tíì ti ibi iṣẹ́ dé kó wá bá mi gbé e gun àtẹ̀gùn, torí oyún inú mi ti tóbi. Mo gbọ́ nǹkan kan tó ń súfèé lókè. Mo gbójú sókè, mo rò pé ẹyẹ ni. Kí n tó ṣẹ́jú, ilé búrẹ́dì tó wà ní òdìkejì títì ti wó lulẹ̀. Eruku funfun bo gbogbo ojú ọ̀nà, mi ò mọ̀ bóyá ìyẹ̀fun ni tàbí ògiri. Ẹnì kan ń pariwo orúkọ ọmọ ẹ̀ nínú eruku yẹn. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sáré, àpò ìrọ̀rí ṣì wà lọ́wọ́ mi.

Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ dàgbà sí Thamesmead ní London níbí, mo mọ̀ yín. Tí mo bá ti ní "nígbà ogun", ẹ ó ní Biafra ni. Biafra kọ́ o! Nígbà Biafra, mo ṣì ń tọ̀ sílé ní Ìjẹ̀bú-Igbó. Ilẹ̀ òyìnbó ni ogun ti bá èmi, ní Croatia, nígbà tí Yugoslavia ń fọ́ sí wẹ́wẹ́. Ìjọba ló rán ọkọ mi, Dèjì, lọ síbẹ̀ láti lọ kọ́ iṣẹ́ ẹ̀rọ. Nígbà tó parí, ilé iṣẹ́ ṣúgà kan gbà á ní ìlú kékeré kan létí odò. Ó wá sílé, ó fẹ́ mi, ó sì mú mi lọ. Inú ọjà ni mo ti kọ́ èdè wọn. Mo mọ orúkọ ata, mo mọ orúkọ ẹran, mo sì mọ bí wọ́n ṣe ń bú èèyàn. Ìyẹn tó mi í gbélùú.

Pásítọ̀ wa ló kọ́kọ́ ní kí n wá sọ ìtàn yìí fún àwọn ọ̀dọ́, nínú ilé ìkẹ́rùsí tá a sọ di ṣọ́ọ̀ṣì nítòsí ọgbà ẹ̀wọ̀n. Mo sọ ọ́. Ọmọ kan ń tẹ fóònù ẹ̀ níwájú mi gan-an, ọ̀kan ń jẹ ṣingọ́ọ̀mù. Ó dùn mí. Ìdí nìyẹn tí mo fi jókòó kọ ọ́ sílẹ̀, kẹ́ni tó bá wù kó kà á.

Ẹ má bi mí pé ẹ̀gbẹ́ wo ló jẹ̀bi. Àwọn ọ̀mọ̀wé wà tó máa sọ ìyẹn fún yín. Èmi kàn mọ̀ pé bọ́m̀bù ń bọ̀ látòkè, àwa sì wà nísàlẹ̀.

Abẹ́ ilé alájà mẹ́rin tá à ń gbé ni gbogbo wa sá sí, nínú yàrá kan tí àwọn ayálégbé ń kó igi ìdáná àti ọ̀dùnkún pa mọ́ sí. Ẹni tí mo kọ́kọ́ rí níbẹ̀ ni bàbá tó ń gbé lókè orí wa, Stipe. Ọkùnrin yẹn àti èmi ò rẹ́ rárá. Tí mo bá ti gbé ata kaná báyìí, á máa fi ọ̀pá gbá ilẹ̀ lókè, á máa wúkọ́ bí ẹni pé wọ́n fẹ́ pa á. Èmi náà á tún ki ata sí i. Ọ̀rọ̀ wa ò ju bẹ́ẹ̀ lọ láti ọjọ́ tá a ti dé ilé yẹn.

Ó wò mí, ó wo ikùn mi, ó sì dìde lórí fóòmù ẹ̀ tó wà ní igun tí atẹ́gùn ò dé.

"Jókòó, obìnrin aláta," ó ní.

"Ẹ ṣé, Bàbá. Ẹ̀yin ńkọ́?"

"Kí ni 'ẹ̀yin'? Èmi nìkan ni mo wà níbí. Jókòó jàre."

Èdè tiwọn náà máa ń pe àgbà ní ẹ̀yin, bíi tiwa. Ó ní kí n yé fi ìyẹn pe òun, pé kò sí àgbà nínú ihò. Ẹnu mi ò kọ́kọ́ gbà á, ṣùgbọ́n nígbà tó yá, a jọ ń sọ̀rọ̀ bí ẹgbẹ́. Ẹ má rò pé mo ń rí i fín tẹ́ ẹ bá rí i pé "ó" ni mo ń lò fún un.

Dèjì ò dé títí ọwọ́ ìrọ̀lẹ́. Mo ti sunkún tán nígbà tó wọlé, eruku dúdú bò ó láti orí dé ẹsẹ̀. Nígbà tó rí i pé bàbá yẹn ló gbé ibùsùn ẹ̀ fún mi, ó lọ bá a. Ó kàn dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún un lórí ilẹ̀, bí ọmọ tí wọ́n kọ́ nílé.

Àwọn obìnrin figbe ta. "Wọ́n ti yìnbọn fún un! Wọ́n ti pa á!" Ìyá kan tó ń ránṣọ ní àjà kìíní ti da aṣọ bo orí ọkọ mi kí n tó rí ẹnu sọ pé kíkí ni Dèjì ń kíni, pé bẹ́ẹ̀ la ṣe ń dúpẹ́ lọ́wọ́ àgbà nílé wa. Bàbá Stipe nìkan ló bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, tó ń wo Dèjì tọwọ́tẹsẹ̀.

"Tún un ṣe," ó ní.

Dèjì tún un ṣe.

"O mọ̀ ọ́n ṣubú. Ṣùgbọ́n ò ń fi ọwọ́ gba ara ẹ dúró. Òkú kì í fi ọwọ́ gba ara ẹ̀."

A rẹ́rìn-ín, àní nínú ariwo bọ́m̀bù yẹn. Ibẹ̀ la ti mọ iṣẹ́ tó ṣe láyé ẹ̀. Fíìmù ló ń ṣe. Ẹ má tíì pariwo, ẹ ò mọ̀ ọ́n, kò sẹ́ni tó mọ orúkọ ẹ̀. Lẹ́yìn ogun Hitler, ọdọọdún ni wọ́n ń ṣe fíìmù nílùú wọn nípa bí àwọn jagunjagun inú igbó ṣe lé àwọn ará Jámánì jáde. Bàbá Stipe gan-an wà lára àwọn tó jà nínú igbó yẹn, nígbà tí kò tíì hu irùngbọ̀n. Àwọn ará Jámánì ló pa ẹ̀gbọ́n ẹ̀ ọkùnrin. Ṣùgbọ́n ó ga, irun ẹ̀ pọ́n, ojú ẹ̀ mọ́ rekete, ni àwọn olùdarí fíìmù bá ní ojú ẹ̀ jọ ti ọ̀tá. Wọ́n gbé aṣọ ọ́fíísà Jámánì wọ̀ ọ́. Kò rí i bọ́ títí tó fi darúgbó.

Kò ju kó wọlé, kó jágbe, kí wọ́n yìnbọn fún un. Ó kú lórí ẹṣin, ó kú nínú rélùweè, ó já bọ́ láti orí òrùlé ṣọ́ọ̀ṣì. Àwọn tó ń ṣe akọni, àwòrán wọn wà lára ògiri káàkiri. Òun, òkò ni àwọn ọmọdé ń sọ lù ú ládùúgbò. Ìyá ẹ̀ ń gbé abúlé kan létí òkun. Tí fíìmù ẹ̀ bá ti dé, ìyá á lọ wò ó, á máa sunkún látìbẹ̀rẹ̀, torí ó ti mọ ibi tó máa já sí.

"Ó ní, 'Stipe, ṣé o ò lè bẹ̀ wọ́n kí ìwọ náà yè nínú ẹyọ kan?' Mo bẹ̀ wọ́n. Wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní ṣé orí mi pé. Màmá kú láìrí ọ̀kan."

Kò fi ẹkún sọ ọ́ o. Ọ̀dùnkún ló ń bó bó ṣe ń sọ ọ́. Èmi ni mo sunkún, mo ní ata tó kù lójú mi ni.

Ó kọ́ wa níṣẹ́ náà torí kò sí nǹkan mìíràn láti ṣe. Kó o tó ṣubú, kọ́kọ́ tú èémí jáde. Orúnkún ni kó kọ́kọ́ lọ. Dá orí ẹ sí. Tó o bá ti kú, má mí títí olùdarí á fi ní ó tó. Ó ní òfin kan tún wà fún àwọn tó kàn ń rìn kọjá nínú fíìmù: wọn ò gbọdọ̀ wẹ̀yìn. Ẹni tó bá wẹ̀yìn ti bàṣẹ́ jẹ́, wọ́n á dá kámẹ́rà dúró, gbogbo ẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀, ẹni tó ti kú á tún dìde lọ kú. Ó kórìíra irú àwọn bẹ́ẹ̀ gan-an. Ìbàdí ẹ̀ tó ń dùn ún, ó ní àwọn awẹ̀yìn ló fà á.

Ebi pa wá níbẹ̀, mi ò fẹ́ pa irọ́. Ọ̀dùnkún la kọ́kọ́ ń sè, nígbà tí ó yá a ń jẹ èèpo ẹ̀. Ìyẹ̀fun tó kù, ìdin ti wọ inú ẹ̀, a kù ú, a sì jẹ ẹ́. Omi ló burú jù. Inú àgbàlá ni ẹ̀rọ omi wà, ẹni tó bá sì jáde lọ síbẹ̀, àwọn kan ń wò ó láti orí òrùlé. Ìyá aránṣọ tó da aṣọ bo Dèjì jáde lọ pọnmi láàárọ̀ ọjọ́ kan, kò wọlé mọ́. Ojú lásán la fi ń wo bàtà ẹ̀ láti ojú fèrèsé kékeré. A ò lè gbé e wọlé.

Ti ariwo yẹn, mi ò mọ bí mo ṣe fẹ́ sọ ọ́. Etí nìkan kọ́ lo fi ń gbọ́ ọ, eyín ẹ ń gbọ́ ọ. Ọmọ inú mi ń gbọ́ ọ, torí tó bá ti bú gbàmù báyìí, á ta pútú. Tó bá dákẹ́ jù, ẹ̀rù á tún bà mí pé kò ta mọ́. Oyún kan ti wálẹ̀ lára mi rí kí eléyìí tó dúró. Mo máa ń gbé ọwọ́ lé ikùn, mo máa ń bẹ Ọlọ́run pé kó gba gbogbo ohun tó bá fẹ́, kó ṣáà fi eléyìí sílẹ̀ fún mi.

Ẹ̀jẹ̀ dé láàárọ̀ ọjọ́ kan. Kì í ṣe púpọ̀, ṣùgbọ́n mo mọ̀ ọ́n, mo ti rí i rí. Ìrora tẹ̀ lé e. Bọ́m̀bù ti wó ilé ìwòsàn tó wà lápá ibi tá a wà. Èyí tó kù wà ní òdìkejì odò, afárá kan ṣoṣo ló sì dé ibẹ̀, àwọn sójà ló wà lórí ẹ̀. Dèjì mú mi lọ́wọ́.

"A ó lọ," ó ní. "Tá a bá dúró síbí, mo máa pàdánù ẹ̀yin méjèèjì."

"Ẹ̀yin wo ni yóò lọ?" Bàbá Stipe ti ń wá bàtà ẹ̀. "Ìwọ aláwọ̀ dúdú tó ń dọ̀bálẹ̀, kí lo máa sọ fún wọn? Mo mọ afárá yẹn. Mo ti kú lórí ẹ̀ rí."

Ó wọ kóòtù ẹ̀ tó dára jù, ó fi omi díẹ̀ ya irun. Mo ní ṣé àríyá la fẹ́ lọ ni. Ó ní èèyàn kì í mọ ẹni tó máa pàdé. Etí odò la gbà, láàárín esùsú. Ìrora á gbé mi, a ó dúró, á lọ, a ó tún rìn. Nígbà tá a yọ sí afárá, oòrùn ti yí.

Àwọn sójà ibẹ̀ ti mutí. Ọmọdé ni púpọ̀ nínú wọn, ẹ̀rù ń bà wọ́n jù wá lọ, irú wọn ló sì burú jù. Ọ̀gá wọn ni ọkùnrin kan tí irùngbọ̀n ẹ̀ ti funfun. Ó jágbe pé ká dúró, ká gbọ́wọ́ sókè. Mo rí i tí ojú Dèjì kúrò lára ìbọn, tó lọ sára irùngbọ̀n funfun yẹn. Ẹ mọ ohun tí ọmọ Yorùbá ṣe? Ó rí àgbà, ó fẹ́ bẹ àgbà, ó bá dọ̀bálẹ̀ gbalaja.

Ẹ yéé! Gbogbo ìbọn ló dún kàkà lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n dojú ẹ̀ kọ wá. Wọ́n rò pé ó sá fún nǹkan tó fẹ́ bú ni.

"Kí ló wà lábẹ́ ẹ̀? Kí ló ń dì mú?"

Mo fẹ́ dà lé e lórí, ikùn ò jẹ́. Ìgbà yẹn ni mo gbọ́ ẹ̀rín. Bàbá Stipe ló ń rẹ́rìn-ín, ó ń fi ọ̀pá ẹ̀ gún Dèjì lẹ́yìn.

"Ẹ wo nǹkan! Látìgbà tá a ti wà nínú ihò ni mo ti ń kọ́ ẹni yìí bí wọ́n ṣe ń kú, ẹ wo bó ṣe kú! Ọwọ́, Dèjì! Mo ní o má fi ọwọ́ gba ara ẹ!"

Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ yẹn sọ ìbọn ẹ̀ kalẹ̀ díẹ̀. Ó na ọrùn wo bàbá.

"Ọ̀gá, ẹ wò ó. Jámánì orí afárá nìyí! Èyí tí wọ́n fi ń hàn wá níléèwé!"

"Irọ́ ni."

"Òun ni! Èyí tó ń jágbe, tó wá yí lulẹ̀ bẹ́ẹ̀!"

Gbogbo wọn ló ti wò ó rí ní kékeré. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo rí i kẹ́nikẹ́ni dá a mọ̀. Ojú ẹ̀ yí padà. Ó na ẹ̀yìn, ó gbọn kóòtù, ó jágbe mọ́ wọn ní èdè Jámánì, àwọn ọmọ yẹn sì bú sẹ́rìn-ín bí ọmọ iléèwé. Wọ́n ní kó kú. Ọ̀kan nawọ́ sí i, ó fi ẹnu dún bí ìbọn. Bàbá Stipe gbá àyà mú, orúnkún ẹ̀ lọ, ó yí, ó sì nà gbọọrọ sórí afárá. Wọ́n pàtẹ́wọ́. Wọ́n ní kó tún un ṣe. Ó dìde, mo rí bó ṣe ń di ìbàdí mú, ó tún un ṣe.

Ọ̀gá wọn wo ikùn mi. "Kí àwọn méjì yìí máa lọ," ó ní. "Ìwọ, jẹ́nẹ́rà, dúró tì wá. A ò tíì wòran tán."

Dèjì fẹ́ sọ̀rọ̀. Bàbá Stipe fi ojú dá a dúró. Ó wá yíjú sí mi.

"Máa lọ, obìnrin aláta. Má wẹ̀yìn o. Tó o bá wẹ̀yìn, màá tún ní láti kú lẹ́ẹ̀kan sí i."

A lọ. Afárá yẹn gùn, Ọlọ́run ló mọ̀. Mò ń gbọ́ wọn lẹ́yìn wa: igbe Jámánì, ìró ara tó ń bọ́ lulẹ̀, àtẹ́wọ́. Igbe, ara, àtẹ́wọ́. Mi ò wẹ̀yìn. Dèjì náà ò wẹ̀yìn. A ti dé òdìkejì, a ti ń sọ̀ kalẹ̀ sójú ọ̀nà, nígbà tí mo gbọ́ ìbọn. Ìbọn gidi, ẹyọ kan.

A ò dé ilé ìwòsàn. Ọ̀nà ni mo bí i sí, lórí koríko lẹ́bàá oko èso kan, ìyàwó àgbẹ̀ kan ló gbẹ̀bí mi kí ọkọ ẹ̀ tó fi katakata gbé wa. Ọmọbìnrin ni. Ó pẹ́ kó tó ké, gbogbo ayé dákẹ́ títí tó fi ké. Ẹ mọ orúkọ ẹ̀ láìjẹ́ pé mo sọ. Àbíọ́nà.

A padà sí Èkó, a tún wá síbí. Dèjì wa bọ́ọ̀sì ní Woolwich títí ó fi fẹ̀yìn tì, èmi ń tọ́jú àwọn arúgbó. A wádìí Bàbá Stipe lọ́wọ́ gbogbo ẹni tó bá tibẹ̀ wá. Kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n. Ilé wa ti lọ, wọ́n ní pápá ni wọ́n fi ibẹ̀ ṣe.

Gbogbo ọdún yẹn, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo lèmi àti Dèjì ò rẹ́ lé lórí. Dèjì ní lẹ́yìn ìbọn yẹn, òun gbọ́ ẹ̀rín. Ó ní wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n sì pàtẹ́wọ́, pé òkè ni wọ́n yìnbọn sí kí eré lè dùn. Èmi ò gbọ́ ẹ̀rín kankan. Odò ni mo gbọ́. A jà sí i, a bá ara wa yan odì sí i. Lórí bẹ́ẹ̀dì tó kú sí ní ọsibítù, ó ṣì dì mí lọ́wọ́ mú, ó ní, "Wọ́n rẹ́rìn-ín, Àbẹ̀kẹ́. Mo gbọ́ ọ."

Àbíọ́nà ń gbé Royal Arsenal báyìí, nínú fúláàtì tí wọ́n kọ́ síbi tí wọ́n ti ń rọ bọ́m̀bù láyé ọjọ́un. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń mu kọfí. Mo lọ sọ́dọ̀ ẹ̀ lọ́sàn-án Sátidé kan, ó ní, "Mummy, wá wò ó, mo rí i." Ó ti wá fíìmù yẹn kàn lórí fóònù. Kò lóhùn, ẹni tó gbé e síbẹ̀ ló bà á jẹ́ bẹ́ẹ̀. Bàbá Stipe nìyẹn, ọ̀dọ́ ni, ó ga, ó yọ sórí afárá, ó la ẹnu, wọ́n yìnbọn fún un, ó nà gbọọrọ. Gbogbo ẹ̀ ò tó ìṣẹ́jú kan. Ọmọ mi fi ọwọ́ bo ẹnu.

"Mummy, tell me the truth. Ṣé wọ́n rẹ́rìn-ín lóòótọ́, lẹ́yìn ìbọn yẹn?"

Ogun ti di etí Dèjì láti ọjọ́ tí wọ́n ju bọ́m̀bù sí ilé iṣẹ́ ṣúgà. Títí tó fi kú, mo ní láti pariwo kó tó gbọ́ pé mo ní oúnjẹ ti délẹ̀. Mo wo ọmọ tí mo bí sí ọ̀nà.

"Bàbá ẹ gbọ́ ọ," mo ní. "Ohun tí bàbá ẹ gbọ́ ni kó o gbà."

Àbíọ́nà fi ìka fa fíìmù náà sẹ́yìn, Bàbá Stipe sì dìde lórí afárá.